Alágbàtà Kì Í Jẹ Obì Ọjà

Bàbá mi ọ̀wọ́n, ẹni tí mo bínú sí láti kékeré,

Bọ́sẹ̀ tó ń bá mi kọ ọ́ ní a kì í bẹ̀rẹ̀ lẹ́tà báyẹn. Mo ní kó kọ ohun tí ẹnu mi sọ. Ẹ ò mọ Bọ́sẹ̀; ẹ ti kú kí wọ́n tó bí i. Ọmọ tí ọmọ mi bí ni, ṣùgbọ́n èmi ni mo tọ́ ọ, ìyẹn ni gbogbo Ẹmùré-Ilé fi ń pè mí ní Ìyá Bọ́sẹ̀. Mi ò mọ̀wé. Ẹ̀yin lẹ mọ ìdí rẹ̀ jù. Nítorí náà ẹnu ni mo fi ń kọ̀wé, ọwọ́ rẹ̀ ni mo yá.

Mi ò ní sunkún sínú ìwé yìí. Ẹ mọ̀ mí. Sìmẹ́ńtì orí ibojì yín ti sán, ewúrẹ́ ilé kejì ló ń sùn síbẹ̀ bí oòrùn bá mú. Mo máa ń lé wọn, nígbà tó rẹ̀ mí mo fi wọ́n sílẹ̀. Páànù iwájú ilé ti jò, a ti pààrọ̀ rẹ̀. Igi obì ẹ̀yìn ilé ṣì ń so. Òun nìkan ló kù nínú gbogbo obì yín, ẹ sì mọ ibi tí ìyókù lọ.

Ẹ jẹ́ n sọ ohun tó ń bí mi nínú ná, kí n lè ráyè sọ èyí tó kù. Ọdún tí ó yẹ kí n wọ ilé ìwé, Ìyá mi ti rán aṣọ ilé ìwé fún mi. Mo ti wọ̀ ọ́ wò. Mo ti fi jó. Lójijì ẹ ta oko obì ojú ọ̀nà Ùpẹnmẹn, wọ́n ká aṣọ náà sínú àpótí, ọmọ àbúrò yín ló padà wọ̀ ọ́, èmi sì jókòó ti Ìyá mi, mò ń bó obì. Mo bi Ìyá mi pé kí ló dé. Wọ́n ní àlejò tó ń rán Bàbá mi lọ ra obì ti sá lọ, Bàbá mi ló san owó àwọn tó ni obì. Mo ní ṣé Bàbá mi ló jẹ gbèsè ni? Wọ́n ní kí n bó obì mi.

Ẹ̀yin ò sọ nǹkan kan. Ẹ jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ẹ ń pọ́n àdá, ẹ ń fi imú kọrin bí ẹ ṣe máa ń ṣe. Mo wò yín lọ́jọ́ náà, mo sì sọ nínú ara mi pé òmùgọ̀ ni bàbá mi. Alágbàtà tó ń san gbèsè ẹni tó rán an, ó dà bí ẹni tó pọn ọmọ ọlọ́mọ sẹ́yìn, tí tirẹ̀ ń sunkún nílẹ̀. Bí mo ṣe rò ó nìyẹn. Bí mo ṣe ń rò ó bọ̀ nìyẹn títí irun mi fi funfun.

Síbẹ̀, iṣẹ́ yín ni mo ṣe. Kí ni n bá ṣe? Ẹni tó lówó wà lọ́nà jíjìn, ẹni tó lóbì wà lóko, èmi wà láàárín wọn. Wọn ò mọ ara wọn, àwọn méjèèjì ló mọ̀ mí. Èrè orí agbọ̀n kan kò lè ra ẹran, ṣùgbọ́n ó ra ọṣẹ, ó ra iyọ̀, ó tọ́ ọmọ. Mo sì ń ṣe é bí ẹ ṣe kọ́ mi. Kí ọwọ́ mi tó kan agbọ̀n, màá dárúkọ ẹni tó rán mi sókè: ọjà yìí kì í ṣe tèmi o, lágbájá ló rán mi. Ọlọ́jà á mú gbànja kan nínú agbọ̀n rẹ̀, á là á. Gbànja kì í ju awẹ́ méjì lọ, Ọlọ́run ti ṣe é fún olùtà àti olùrà. Ọlọ́jà á jẹ awẹ́ kan lójú ẹsẹ̀. A ó fi ewé wé awẹ́ kejì, a ó gbé e lọ fún ẹni tó rán ni. Bó bá ti jẹ ẹ́, ó ti rà á. Kò tún sí pé mi ò mọ̀ mọ́.

Ṣùgbọ́n alágbàtà kì í jẹ obì ọjà. Ẹ kì í jẹ́ kí ọ̀rọ̀ yẹn kúrò lẹ́nu yín. Bó bá jẹ ẹ́, òun ló rà á, òun ni yóò sì san án. Tiyín tiẹ̀ le ju bẹ́ẹ̀ lọ. Mi ò rí yín kí ẹ jẹ obì kankan rí, yálà níbi ìgbéyàwó tàbí níbi ìsọmọlórúkọ. Bó bá kàn yín, ẹ ó dúpẹ́, ẹ ó tì í bọ àpò, tí ẹ bá délé ẹ ó fún Ìyá mi. Mo rò pé eyín ló ń dùn yín. Ìyá mi náà ní eyín ni.

Ó dáa. Ọkùnrin kan wà ní Ìdóànì tó ń jẹ́ Wálé. Iṣẹ́ ìjọba ni bàbá rẹ̀ ṣe, òun náà ṣe é díẹ̀ kó tó fi í sílẹ̀, kó sì ṣí ilé ìkóbìsí, tó ń kó gbànja lọ sí òkè Ọya. Mo ti ń bá a ra obì láti bí ọdún mélòó kan, kò sì sí ìjà. Ní àkókò obì tó kọjá, ó pè mí lórí fóònù, ó ní, “Màmá, ẹ bá mi ra ti Ẹmùré nìkan o. Ẹ má fi ti Ùpẹnmẹn sí i. Kòkòrò ti bà á jẹ́ lọ́dọ̀ wọn.” Mo ní mo gbọ́.

Obìnrin mẹ́rin ni mo ra obì lọ́wọ́ wọn níbí, Ìyá Ìbejì ni olórí wọn. Mo dárúkọ Wálé. Wọ́n la obì. Múfú tó ń wa mọ́tò Wálé gbé awẹ́ wọn lọ, Wálé jẹ ẹ́, Múfú sì padà wá kó ẹrù. Ẹ rí i pé kò sí àbùkù níbẹ̀. Àbùkù bẹ̀rẹ̀ nígbà tí a kó gbogbo rẹ̀ tán tí mọ́tò ò kún. Múfú kò ṣíná. Ó ní, “Màmá, bí mo bá gbé èyí délé, ọ̀gá á ní afẹ́fẹ́ ni mo lọ rà.”

Mo gun ọ̀kadà lọ sí Ùpẹnmẹn. Mo mọ opó kan níbẹ̀ tó ní obì nílẹ̀, Ìyá Ṣèyí. Mo dárúkọ Wálé fún un. Ó ní, “Wálé wo? Mi ò mọ Wálé. Bó o bá fẹ́ ẹ, ìwọ ni kó o rà á. Jẹ obì.”

Mo jẹ ẹ́, Bàbá. Mọ́tò ń dúró, èrè orí agbọ̀n wọ̀nyẹn sì ń wọ̀ mí lójú. Obì náà korò dáadáa, ó ṣe kíríkírí lẹ́nu. Mi ò rí kòkòrò nínú ẹyọ tí mo jẹ. A di agbọ̀n Ùpẹnmẹn mọ́ ti Ẹmùré, Múfú gbé e lọ, mi ò sì sọ fún Wálé.

Lẹ́yìn náà, fóònù Wálé ń dún, kò gbé e. Ìgbà tó yá tó gbé e, ó ní, “Màmá, kòkòrò ti dé inú obì yín. Mi ò ní san nǹkan kan. Ẹ̀yin ni mo mọ̀, mi ò mọ ẹnikẹ́ni ní Ẹmùré.” Ó gé e.

Àwọn obìnrin mẹ́rẹ̀ẹ̀rin wá sílé mi. Wọn ò kí mi dáadáa. Ìyá Ìbejì wo ilé mi yíká bí ẹni tó fẹ́ rà á, ojú rẹ̀ sì dúró lórí fìríìsà tí mo fi ń ta omi tútù.

“Ìyá Bọ́sẹ̀, owó wa dà?”

“Mo dárúkọ Wálé fún yín. Ẹ lọ bi Wálé.”

“Ìdóànì ni Wálé ń gbé, ìwọ ń gbé ibí. Orúnkún mi ń dùn mí. Ibi tó sún mọ́ ni màá ti gbowó mi.”

Èkejì ní, “A sì gbọ́ pé Bọ́sẹ̀ ń lọ sí ilé ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì. Owó ti wà nílẹ̀ nìyẹn.”

Ẹnu mi ló kó bá mi. Èmi fúnra mi ni mo bọ́ síwájú pẹpẹ ní ṣọ́ọ̀ṣì, tí mo ń dúpẹ́ pé Ọlọ́run ti pèsè owó ilé ẹ̀kọ́ ọmọ. Ibi tí mo ti ń jó ni wọ́n ti ń kà á.

Nígbà tí wọ́n lọ tán, mo jókòó sẹ́nu ọ̀nà níbi tí ẹ máa ń jókòó sí. Bàbá, kí lẹ rò lọ́jọ́ tí wọ́n wá bá yín? Ṣé ẹ wò mí nínú aṣọ ilé ìwé yẹn? Ṣé ẹ tiẹ̀ wò mí?

Mo lọ bá ọkùnrin kan tí à ń pè ní Bàbá Akọ̀wé. Ó ti bá kóòtù ṣiṣẹ́ ní Ọ̀wọ̀ títí ó fi fẹ̀yìn tì, ẹ̀gbẹ́ mi ló ń jókòó sí ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo rò ó fún un láti ìbẹ̀rẹ̀. Ó bi mí pé, “Ṣé o dárúkọ ẹni tó rán ọ?” Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó ní, “Ṣé wọ́n mọ̀ pé kì í ṣe tìẹ?” Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó ní, “Ọrùn ẹni tó rán ọ ni gbèsè wà nígbà náà, kì í ṣe ọrùn rẹ. Àbí o kọjá ohun tó rán ọ?”

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í tún gèlè mi wé. Ó wò mí, ó bú sẹ́rìn-ín. “Ẹ̀hẹ̀n. Ibi tó o ti kọjá yẹn ni tìẹ.”

Mo ní, “Ṣé ohun tí àwọn lọ́yà ń dé wíìgì sọ ní kóòtù nìyẹn?”

Ó ní, “Òun náà ni. Ìwọ fi obì sọ ọ́, àwọn fi wíìgì sọ ọ́.”

Èmi àti àwọn obìnrin náà wọ ọkọ̀ lọ sí Ìdóànì. Orúnkún Ìyá Ìbejì kò dùn ún lọ́jọ́ náà. A bá àwọn alágbàtà mìíràn lórí bẹ́ǹṣì níwájú ilé ìkóbìsí Wálé, wọ́n ń dúró kó rán wọn níṣẹ́. Wálé jáde, ó kí mi, kò kí wọn.

“Màmá, ta ni àwọn wọ̀nyí? Mi ò mọ̀ wọ́n.”

Ìyá Ìbejì ní, “O ò mọ̀ wá, o mọ obì wa jẹ.”

“Obì wo?”

Múfú ń fọ mọ́tò lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Kò gbórí sókè. Ó ní, “Ọ̀gá, ẹ jẹ ẹ́ o. Awẹ́ mẹ́rin. Ẹ tiẹ̀ ní kí n bu omi wá.”

Ọ̀kan nínú àwọn tó wà lórí bẹ́ǹṣì dìde, ó gbọn ìdí ṣòkòtò rẹ̀. Ó ní, “Ẹ̀yin ará, bí ẹni tó rán ni bá lè jẹ obì tán kó ní òun ò rán ni, kí là ń jókòó dè?” Èkejì náà dìde. Wálé rí wọn. Ó mọ̀wé, ó sì mọ̀ pé ẹni tí kò bá ní alágbàtà mọ́, òun fúnra rẹ̀ ni yóò máa gun ọ̀kadà wọ oko olóko.

Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ti kòkòrò. A ní kó jẹ́ ká rí i. Ó kó wa wọlé. Obì Ẹmùré dúró ṣinṣin nínú agbọ̀n rẹ̀, olúkúlùkù mọ okùn tó fi di tirẹ̀. Èyí tó ti lu bí asẹ́, agbọ̀n Ùpẹnmẹn ni. Wálé nawọ́ sí i, ó yíjú sí mi. “Màmá, kí ni mo sọ fún yín?”

Gbogbo wọn yíjú sí mi. Bàbá, ojú tó ń wo èèyàn báyẹn gbóná.

Mo ní, “Tèmi nìyẹn. O ò rán mi, mo rà á. Èmi ni mo jẹ obì rẹ̀. Yọ ọ́ sọ́tọ̀, kó o sanwó tìẹ.”

Ó ní ohun tó ń dun òun ni pé mi ò sọ fún òun. Mo ní ohun tó ń dun èmi ni pé ó fi agbọ̀n tèmi bo owó tiwọn mọ́lẹ̀. Ó tẹ fóònù, ó san ti obìnrin kìíní títí dé ìkẹrin. Ìyá Ìbejì ní kí ẹni tó ń kọjá lọ bá òun wo fóònù òun, lẹ́yìn náà ó tún pe ẹlòmíràn. Ó ní, “Wálé, kì í ṣe pé mi ò gbà ọ́ gbọ́. Mi ò kàn gbà ọ́ gbọ́ ni.” Wọ́n ń rẹ́rìn-ín nínú ọkọ̀ títí a fi délé. Àwọn agbọ̀n oníkòkòrò wà lẹ́yìn ọkọ̀, ọ̀kan wà láàárín ẹsẹ̀ mi.

Ó wá ku opó Ùpẹnmẹn. Kò wá bá mi rí. Kò pariwo. Ó kàn ń dúró dè mí, ìyẹn ló burú jù. Mo lè sọ pé obì rẹ̀ ló ní kòkòrò. Ṣùgbọ́n ẹni tó jẹ obì ti fojú ara rẹ̀ wo ohun tó rà. Kò sì sí owó mìíràn nínú ilé àyàfi ti Bọ́sẹ̀. Mo ti dé ibi tí ẹ dé lọ́jọ́ yẹn gan-an nìyẹn: kí n ṣí àpótí, kí n mú owó, kí n ní kí ọmọ lọ máa bó obì, kí n jókòó sẹ́nu ọ̀nà kí n máa fi imú kọrin.

Mo pe Bọ́sẹ̀. Mo ní kó jókòó. Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un. Mi ò fi ẹ̀bi rẹ̀ sórí Wálé. Mo ní èmi ni mo jẹ obì, màá san án nínú owó rẹ, màá sì wá ọ̀nà dí i kí ilé ẹ̀kọ́ tó wọlé. Ó ní, “Ìyá àgbà, bí ẹ ò bá wá rí i dí ńkọ́?” Mo ní mi ò mọ̀. Ó dìde, kò bá mi sọ̀rọ̀ mọ́. Lálẹ́ ọjọ́ náà ó gbé oúnjẹ mi síwájú mi, ó gbé e kalẹ̀ tó fi dún gbàà. Bó ṣe ń kọ̀wé yìí, ó ní kí n má jẹ́ kí òun kọ ìyẹn. Kọ ọ́. Inú mi dùn sí i. Ohun tó mọ̀ ló ń bí i nínú. Èmi, ohun tí mi ò mọ̀ ló bí mi nínú títí mo fi darúgbó.

Mo ta fìríìsà. Ìyá Ìbejì ló rà á. Ojú tó fi wò ó lọ́jọ́ yẹn, mo ti mọ̀ pé ọ̀dọ̀ rẹ̀ ló ń lọ. Owó rẹ̀ dí ti ọmọ padà, ó ku díẹ̀, díẹ̀ yẹn ni mo ń ṣa kiri báyìí.

Ṣùgbọ́n Ùpẹnmẹn ni mo fẹ́ sọ fún yín. Mo san owó Ìyá Ṣèyí lé e lọ́wọ́. Ìyá ọkọ rẹ̀ jókòó lórí ẹní lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, arúgbó kùjọ́kùjọ́, ojú rẹ̀ ti ṣókùnkùn. Ó bi mí pé ọmọ ta ni mí. Mo dárúkọ yín. Ó pàtẹ́wọ́.

“Ọmọ ẹni tó jẹ obì!”

Mo ní bàbá tèmi kì í jẹ obì. Ó ní, “Ta ló sọ bẹ́ẹ̀? Ojú mi ló ṣe. Obì ń bàjẹ́ lọ́wọ́ wa lọ́dún yẹn, kò sí olùrà. Bàbá rẹ dárúkọ àlejò kan, a ní a ò mọ àlejò, a ò ta. Ó ti ń lọ, ó padà. Ó ní ká là á. Ilé dé ilé ló ń bá wa jẹ obì títí ẹnu rẹ̀ fi pọ́n. Ó ní, ‘Bó bá sá, ẹ wá bá mi.’ Àlejò sá lóòótọ́. A ò tíì gbéra tí bàbá rẹ fi gbé owó dé. A gbé obì wá fi dúpẹ́, kò gbà á. Ó ní, ‘Mo ti jẹ tèmi tán.’”

Mo wá ibì kan jókòó.

Ṣé kì í ṣe eyín, Bàbá? Ní gbogbo ọdún wọ̀nyẹn tí ẹ ń ti obì bọ àpò, ṣé nítorí ọjọ́ yẹn ni? Ìyá mi mọ̀ ọ́n? Ẹ̀yin méjèèjì wá dákẹ́, ẹ jẹ́ kí n máa pè yín ní òmùgọ̀ nínú ikùn mi láti ìgbà tí mo ti ń bó obì títí di ìgbà tí mo fi erùpẹ̀ bò yín. Kí ló dé tí ẹ ò sọ fún mi? Ẹ rò pé mo kéré jù? Mo kéré lóòótọ́. Ọmọdé tó bá ti tó bó obì ti tó gbọ́ ìdí tó fi ń bó o.

Mi ò sọ pé ẹ ṣe dáadáa o. Oko tí ẹ tà ò padà, n bá sì fẹ́ mọ̀wé. Ká ní mo mọ̀wé ni, èmi ni n bá fọwọ́ ara mi kọ èyí, n bá sì ti sọ àwọn ohun kan tí mi ò lè sọ lójú Bọ́sẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹnu yín lẹ fi jẹ ẹ́, ẹ sì san án. Kò sí òmùgọ̀ níbẹ̀. Mo kó ọ̀rọ̀ mi jẹ.

Bọ́sẹ̀ ń lọ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀. Ó ti ń bá mi sọ̀rọ̀. Ó ní tí òun bá di nọ́ọ̀sì, fìríìsà ni òun máa kọ́kọ́ rà fún mi. Mo ní kó kọ́kọ́ dé ibẹ̀ ná.

Láàárọ̀ yìí mo ká èso kan lórí igi ẹ̀yìn ilé. Mo yọ gbànja kan nínú rẹ̀, mo bó o, mo là á. Awẹ́ kan wà lórí sìmẹ́ńtì yín báyìí, mo ti lé ewúrẹ́ kúrò. Bọ́sẹ̀, kì í ṣe ẹbọ o, má lọ sọ fún àlùfáà. Awẹ́ kejì wà lẹ́nu mi, ìyẹn ni ọ̀rọ̀ mi ò fi já gaara mọ́.

Ẹ jẹ ẹ́, Bàbá. Kò sẹ́ni tó rán wa níṣẹ́ èyí. Tiwa ni.

Èmi ni ọmọ yín tó jókòó sẹ́nu ọ̀nà yín, tí inú rẹ̀ ti rọ̀, tó sì fẹ́ràn yín.